Àlejò Orí Igi Ápù

Ọdún mélòó ló ti wà níbẹ̀? Eluned Prosser kò lè sọ.
Bàbá bàbá rẹ̀ ló gbìn ín, lẹ́yìn ogun:
hóró kan ni, nínú àpò ẹ̀wù sójà,
àbí ẹ̀ka tí wọ́n fi àkísà tútù wé.
Ìtàn méjèèjì ló wà nínú ilé,
ẹni tí ì bá yanjú wọn ti lọ.

Ohun tí gbogbo àdúgbò mọ̀ ni pé
ó gùn, ó gun igi, ó sì ń gún ni.
Ó kọ́kọ́ fẹ̀yìn ti ògiri bí ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ ilé-ìwé,
ọdún mẹ́ta, kò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀.
Lọ́dún kẹrin ó na ọwọ́ mú igi ápù lọ́rùn:
"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ pọ̀n mí."
Igi ápù kò mọ̀
pé ọmọ ẹ̀yìn lè wúwo ju ìyá lọ.

Bó bá di oṣù kẹfà, tí òjò ilẹ̀ Wales dá díẹ̀,
á tú funfun sílẹ̀ láti ṣóńṣó igi dé òrùlé ilé àgùntàn,
awẹ́ márùn-ún péré lórí òdòdó kọ̀ọ̀kan,
àárín rẹ̀ bí pupa ẹyin.
Òórùn rẹ̀ á wọlé láìkan ilẹ̀kùn,
á jókòó sórí búrẹ́dì, sórí aṣọ tí a sá,
sórí ìwé owó iná tí a kò tíì san.

Ṣùgbọ́n ìjì oṣù kejì ọdún yìí
gbá àwọn méjèèjì mọ́ra wọn,
ẹ̀ka ápù kan dá, ó wó lu páànù.
Ọmọ rẹ̀ pè láti Cardiff: "Màmá, ẹ jẹ́ kí wọ́n gé e."
Eluned ránṣẹ́ sí Narjit Pun,
sójà ọmọ Nẹ̀pálì tó ti fẹ̀yìn tì sí Brecon,
tó ń bá àwọn opó gé koríko.
Iṣẹ́ pọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀. Oṣù kẹfà ló tó dé,
tòun tayùn, tòun tàkàbà.

Ó wòkè. Ó ṣí fìlà.
Ó fa èémí kan ṣoṣo, bí ẹni tó ń tọ́ ọbẹ̀ wò.
"Mo mọ èyí," ó ní. Ó pè é lórúkọ,
ahọ́n Eluned kò lè gbé e.
"Etí odò wa ló ń hù sí, lábẹ́ òkè oníyìnyín."

Eluned rò pé omijé ń bọ̀.
Ó ti gbé omi tíì kaná, ó ti wá ọ̀rọ̀ ìtùnú sílẹ̀,
ó kù díẹ̀ kó ní, "Ẹ gbé ayùn yẹn jù sílẹ̀."
Narjit rẹ́rìn-ín.
"Ọdọọdún ni ìyá mi ń gé e.
Ewúrẹ́ a jẹ ẹ̀ka tó ṣẹ̀ṣẹ̀ rú,
èyí tó gbẹ a fi ṣọgbà àgbàdo, kí ọ̀bọ má baà wọlé.
Ta ló kọ́ yín kí ẹ máa wò ó níran
títí ó fi sọ ara rẹ̀ di ọba?"

Ó gé. Láti aago mẹ́sàn-án.
Awẹ́ funfun ń bọ́ sí èjìká rẹ̀, sínú etí rẹ̀,
bí yìnyín tó ṣi oṣù mú.
Eluned dúró lẹ́nu ọ̀nà, ife tíì méjì ń tutù lọ́wọ́ rẹ̀,
bí ẹni tí wọ́n ń fá irun ìyá rẹ̀ lójú rẹ̀.
Ẹ̀ka mẹ́ta ló ṣẹ́ kù. Narjit fi okùn so wọ́n mọ́ ògiri.
Igi ápù nàró,
abiyamọ tó sọ ọmọ kalẹ̀.

Ẹ̀gún kan ti há sí àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀.
Eluned mú abẹ́rẹ́ wá, ó wá awò ojú rẹ̀,
ó di ọwọ́ àgbà sójà náà mú sí ìmọ́lẹ̀ fèrèsé.
"Ẹ fi í síbẹ̀ ná," ni Narjit wí.
Kò sọ ìdí.
Ó gba owó, ó mu tíì tútù náà tán,
ó wá béèrè, ohùn rẹ̀ wálẹ̀,
bóyá òun lè kó ẹ̀ka wọ̀nyẹn lọ
fún ewúrẹ́ méjì tí ìyàwó òun ń sìn lẹ́yìn ilé,
tí ìjọba ìbílẹ̀ kò tíì gbọ́ nípa wọn.